Ẹnu Mẹ́ta fún Atẹ̀wé

Ìyá Alágbàfọ̀ ni gbogbo àdúgbò ń pè é, bẹ́ẹ̀ kò bímọ kankan tó lè pè é ní ìyá. Aṣọ ibùsùn ilé ìwòsàn ló ń fọ̀. Kí ilẹ̀ tó mọ́ dáadáa, wọ́n á ti kó o jọ sí ẹnu ọ̀nà bí òkìtì, èyí tó lẹ́jẹ̀, èyí tó lọ́yún, èyí tí oògùn dà sí. Òun á wá máa kó wọn sẹ́nu ẹ̀rọ ńlá tó ń kù rìrì, lẹ́yìn náà á fi wọ́n gba abẹ́ irin gbígbóná kọjá. Ooru irin yẹn ti bó ọwọ́ rẹ̀ títí tí awọ ibẹ̀ fi ń dán. Síbẹ̀ ẹnu rẹ̀ ò dilẹ̀. Bí nọ́ọ̀sì bá ní aṣọ kan ò funfun tó, á ní, "Ẹ lọ bá aláìsàn yín wí, kó máa mọ ohun tó ń dà sára."

Àwọn ará àdúgbò a máa ní Ọlọ́run ni kò fún òun àti ọkọ rẹ̀ lọ́mọ. Tọkọtaya náà kì í sọ bẹ́ẹ̀ ní tiwọn. Dókítà ti yẹ̀ wọ́n wò, ó ti sọ ohun tó fà á, ọ̀rọ̀ parí síbẹ̀.

Ọkọ rẹ̀ ló kọ́ ọ nírú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. Ilé ìtẹ̀wé ni ọkọ náà ti ń to lẹ́tà òjé, nítorí náà Atẹ̀wé ni wọ́n ń pè é. Ó sì wà nínú ẹgbẹ́ kan tí àwọn ẹlẹ́fẹ̀ ń pè ní Ẹgbẹ́ Kí-n-rí-i-ná. Onímọ̀ kan nílẹ̀ Faransé ló dá ẹ̀kọ́ wọn sílẹ̀ láyé àtijọ́. Ó ní ìpele mẹ́ta ni ọgbọ́n aráyé ń gbà kọjá. Nígbà tí aráyé wà lọ́mọdé, ohunkóhun tó bá ṣẹlẹ̀, wọ́n á ní Ọlọ́run tàbí ẹ̀mí àìrí kan ló ṣe é. Nígbà tí wọ́n di ọ̀dọ́, wọ́n fi ọ̀rọ̀ gàgàrà rọ́pò Ọlọ́run. Nígbà tí wọ́n wá dàgbà tán, wọ́n ní ohun tójú rí, tọ́wọ́ wọ̀n, tí ẹlòmíràn sì lè tún wò kó rí i bákan náà, òun nìkan ni ìmọ̀. Ẹ̀kọ́ náà ràn bí iná ọyẹ́. Ó wọ ilé ẹ̀kọ́, ó wọ ilé ìjọba, àwọn tó ń fi ìṣirò ṣèlú mu nínú rẹ̀. Àwọn kan tó dé lẹ́yìn tún le ju ẹni tó dá a sílẹ̀ lọ: wọ́n ní ọ̀rọ̀ tí èèyàn ò bá lè yẹ̀ wò, ariwo ẹnu lásán ni.

Ṣùgbọ́n ẹ dúró ná. Nígbà tí ọkùnrin Faransé yẹn dàgbà, obìnrin tó fẹ́ràn kú, ló bá rí i pé ìṣirò ò nu omijé nù. Ó dá ẹ̀sìn kan sílẹ̀ tí kò ní Ọlọ́run nínú. Aráyé fúnra rẹ̀ ni wọ́n ń sìn. Kò sí ọ̀run níbẹ̀ o. Ọkàn àwọn tó rántí òkú ni òkú ń gbé. Bí ọdún méje bá pé lẹ́yìn ikú ẹnì kan, àwọn tó kù á jókòó, wọ́n á yẹ ayé rẹ̀ wò, bó bá gbé ire ṣe, wọ́n á kà á mọ́ àwọn tí kò ní parẹ́. Ẹni tí ọkọ tàbí aya rẹ̀ bá sì kú kì í fẹ́ ẹlòmíràn mọ́ títí ayé.

Nínú ẹgbẹ́ Atẹ̀wé, ẹnu mẹ́ta ló ń kani mọ́ wọn. Ẹni mẹ́ta á dìde, kálukú á sọ ohun rere kan tó fojú ara rẹ̀ rí. Mo-gbọ́-pé ò sí níbẹ̀. Lẹ́yìn náà, wọ́n á kọ orúkọ ẹni náà sí ara ògiri gbọ̀ngàn ìpàdé. Ọwọ́ Atẹ̀wé ló kọ gbogbo orúkọ tó wà níbẹ̀, lẹ́tà dúdú tó dọ́gba rẹ́gírẹ́gí.

Àrùn ẹ̀dọ̀fóró ló pa Atẹ̀wé. Bó ṣe ku díẹ̀ kó kú, ó di ọwọ́ ìyàwó rẹ̀ mú. Ó ní, "Ikú ò bà mí lẹ́rù. Kí n parẹ́ bí ẹni tí kò wá rí ló ń bà mí lẹ́rù. Jọ̀ọ́, rí i pé wọ́n kà mí." Obìnrin náà ní òun á rí i.

Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í dúró de ọdún méje. Dẹ́rẹ́bà ọkọ̀ ilé ìwòsàn ní òun fẹ́ ẹ. Èèyàn jẹ́jẹ́ ni, tó ń bá a gbé òkìtì aṣọ láìjẹ́ pé ó rán an, tó sì mọ bí wọ́n ṣe ń mú un rẹ́rìn-ín. Ó dùn mọ́ obìnrin náà, n kò ní purọ́ fún yín. Àmọ́ ó ní rárá, nítorí òfin ẹgbẹ́. Dẹ́rẹ́bà lọ fẹ́ alásè ilé ìwòsàn, Ìyá Alágbàfọ̀ sì ń fọ aṣọ rẹ̀ lọ. Ogún ọmọdé kì í ṣeré fún ogún ọdún: àwọn ọmọ ẹgbẹ́ ń kú, àwọn kan kó lọ, àwọn mìíràn sáré padà sí ṣọ́ọ̀ṣì lọ́jọ́ tí ara ọmọ wọn ò yá. Nígbà tí ọdún méje fi pé, ó ku òun, ó ku Akọ̀wé, ó ku Olùkọ́. Wọ́n ti ta gbọ̀ngàn fún oníṣòwò táyà. Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni wọ́n máa kun ògiri.

Nígbà tí Ìyá Alágbàfọ̀ ní kí wọ́n wá ka ọkọ òun, Akọ̀wé bi í pé, "Màmá, wọ́n á kùn ún náà ni. Kí lẹ fẹ́ fi ọ̀sẹ̀ kan ṣe?"

Ó ní, "Ọ̀sẹ̀ kan yẹn ni mo fẹ́."

Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú ni wọ́n pàdé. Akọ̀wé, tí kò tíì pé àádọ́ta ọdún, ra ọ̀dà dúdú àti búrọ́ọ̀ṣì wá. Olùkọ́ ti fẹ̀yìn tì tipẹ́. Kẹ́mísìrì ló kọ́ àwọn ọmọ, òun sì ni ọ̀rẹ́ Atẹ̀wé tó pẹ́ jù. Ọgbọ̀n ọdún ni wọ́n fi jọ ń ta dráàfù. Nígbà tí Olùkọ́ dá lẹ́sẹ̀, Atẹ̀wé ló ń pọ̀n ọ́n gun àtẹ̀gùn ilé rẹ̀. Ọmọbìnrin Olùkọ́ ló fi mọ́tò gbé e wá, ó sì fa Ìyá Alágbàfọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

"Àǹtí, ẹ má bínú o. Ọjọ́ míì máa ń dáa. Tòní ò dáa rárá. Láàárọ̀ ó bi mí pé ta ni mí."

Wọ́n jókòó lórí bẹ́ǹṣì. Akọ̀wé kọ́kọ́ dìde. Ó ní nígbà tí ọ̀gá òun ní kóun jẹ́rìí èké síra ẹnì kan níbi iṣẹ́, Atẹ̀wé ló bá òun jókòó títí òun fi lágbára láti sọ òótọ́. Ìyá Alágbàfọ̀ dìde. Ó ní lójoojúmọ́, kí ọkọ òun tó fọwọ́ kan oúnjẹ, ó máa ń fi ìpara ra ọwọ́ òun tí irin jó. Ó jókòó.

Ó wá kan Olùkọ́. Wọ́n gbé fọ́tò Atẹ̀wé fún un. Ó wò ó pẹ́, ó gbé e sún mọ́ ojú.

Ó ní, "Ojú rẹ̀ jọ ti èèyàn jẹ́jẹ́. Àmọ́ mi ò mọ̀ ọ́n."

Akọ̀wé ní, "Olùkọ́! Ọ̀rẹ́ yín ni! Ẹ ṣáà ti sọ pé èèyàn dáadáa ni, ó tó."

"Ṣé mo rí i pé èèyàn dáadáa ni?"

"Ẹ rí i, sà."

"Mi ò rántí pé mo rí i. Bí mo bá wá ní mo rí i, kí la fi yàtọ̀ sí àwọn tó ní àwọn rí áńgẹ́lì?" Ó dá fọ́tò padà fún wọn tọwọ́tọwọ́. "Ẹ dárí jì mí."

Ẹ wo ayé! Ọkùnrin yìí ti gbàgbé ọmọ tó bí, ó ti gbàgbé ẹ̀yìn tó pọ̀n ọ́n, ìlànà nìkan ni kò gbàgbé.

Akọ̀wé sọ ọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ sétí Ìyá Alágbàfọ̀. "Màmá, ẹ jẹ́ n kọ ọ́. Ta ló máa bi wá? Gbogbo wa la mọ̀ pé ó tọ́ sí i."

Obìnrin náà wo ògiri. Àyè wà lábẹ́ orúkọ tó kẹ́yìn. Ó wù ú kí ó rí orúkọ ọkọ rẹ̀ níbẹ̀ ju bó ṣe wù ú kí ó wà láàyè lọ.

Ó ní, "Ẹ rántí Ṣọbàtà-ṣọbàtà?"

Akọ̀wé sọ orí kọ́. Ẹnu méjì péré ni aṣọbàtà náà ní lọ́jọ́ tí wọ́n fẹ́ kà á. Opó rẹ̀ kúnlẹ̀ lórí ilẹ̀ gbọ̀ngàn yìí gan-an, ó bẹ̀, ó sunkún. Atẹ̀wé ló ní rárá. Ó ní bí wọ́n bá fi àánú kọ orúkọ kan, gbogbo orúkọ tó wà lókè rẹ̀ ti di irọ́ nìyẹn. Lọ́jọ́ náà lọ́hùn-ún, orí Ìyá Alágbàfọ̀ wú pé òun fẹ́ olóòótọ́. Kò tilẹ̀ wo ibi tí opó yẹn gbà jáde.

Ó ní, "Ẹ pa ọ̀dà yẹn dé."

"Màmá…"

"Ẹ pa á dé, ẹ jọ̀ọ́. Ọkọ mi gan-an ò ní gbà."

Akọ̀wé pa á dé. Kò rí ojú wo obìnrin náà mọ́, ó kó nǹkan rẹ̀, ó ní ó dàbọ̀. Ìyá Alágbàfọ̀ gbìyànjú láti gbàdúrà bó ṣe jókòó yẹn, irú èyí tí àwọn nọ́ọ̀sì máa ń gbà níbi iṣẹ́, ṣùgbọ́n kò mọ ẹni tí yóò pè. Ó mọ̀ pé ọkàn òun àti ti Akọ̀wé nìkan ni Atẹ̀wé kù sí báyìí. Ọjọ́ tí àwọn méjèèjì bá sì kú, ó tán.

Ó di Olùkọ́ lápá mú, wọ́n rọra ń sọ̀ kalẹ̀ lọ sídìí mọ́tò. Bàbá náà fi ọwọ́ kejì rọra lu ọwọ́ rẹ̀ pẹ́pẹ́.

"Ọwọ́ yín yìí ti ṣiṣẹ́ gan-an. Ọkọ yín ńkọ́, ìyá?"

"Ó ti kú, sà."

"Áà, ẹ pẹ̀lẹ́. Èèyàn dáadáa ni, àbí?"

"Èèyàn dáadáa ni, sà."

Bàbá náà mí kanlẹ̀. "Ì bá mà dáa ká ní mo mọ̀ ọ́n o."

Ìyá Alágbàfọ̀ ṣílẹ̀kùn mọ́tò fún un, ó bá a so bẹ́líìtì, ó sì yọ etí aṣọ bàbá náà kúrò lẹ́nu ilẹ̀kùn kó tó pa á dé.