Bọ́ọ̀lù Mi Tí Ẹnikẹ́ni Kò Gbá

Àwọn kan máa ń pè é ní eré bọ́ọ̀lù yíyí. Kò rí bẹ́ẹ̀. Jíjù ni wọ́n ń ju bọ́ọ̀lù pẹ́tánkì àwọn ará Faransé. Irin ni, ó sì wúwo bí ọmọ ọlọ kékeré; mẹ́ta ni ẹnìkọ̀ọ̀kan ń mú. Ẹ ó fa òbìrìkìtì sílẹ̀, ẹ ó dúró sínú rẹ̀, ẹ ó pa ẹsẹ̀ méjèèjì pọ̀. Ẹnìkan á kọ́kọ́ ju bọ́ọ̀lù onígi kékeré kan síwájú. Ẹni tí bọ́ọ̀lù irin rẹ̀ bá sún mọ́ onígi yìí jù lọ ló gba máàkì, ẹni tó bá sì kọ́kọ́ gba mẹ́tàlá ló borí. Ẹ lè sọ tiyín jẹ́jẹ́ kó lọ jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ onígi, ẹ sì lè fi tiyín gbá ti ẹlòmíràn dànù. Ẹ fi èyí kejì sọ́kàn.

Ọmọ mi obìnrin ló pè mí wá sí Salford nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nígbà tí mo fẹ̀yìn tì, díẹ̀ lẹ́yìn ọdún 2010, kí n wá bá a tọ́jú àwọn ọmọ rẹ̀. Gbogbo ọdún tí mo fi kọ́ àwọn èèyàn ní ìṣirò l'Abẹ́òkúta kò já mọ́ nǹkan kan níbẹ̀. Bí mo bá fẹ́ wo homework àwọn ọmọ-ọmọ mi, wọ́n á ní, “Grandma, that's not how we do it.”

Pásítọ̀ ṣọ́ọ̀ṣì wa níbẹ̀ ló ra bọ́ọ̀lù wọ̀nyẹn, kí àgbà àti ọ̀dọ́ lè jọ máa ṣeré ní Sátidé, lórí ilẹ̀ òkúta wẹ́wẹ́ kan lẹ́bàá omi ní Salford Quays. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì ló pọ̀ jù. Ọmọkùnrin Ìjẹ̀bú kan wà láàárín wọn tí ọwọ́ rẹ̀ kì í tàsé. Bó bá gbá bọ́ọ̀lù ọ̀rẹ́ rẹ̀ dànù, á pariwo: “Landlord ti dé! Kó ẹrù ẹ jáde!”

Ọ̀rẹ́ rẹ̀ á fèsì: “Landlord tí ò ní yàrá!”

Bí tèmi bá jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ onígi, wọ́n á pàtẹ́wọ́. “Mummy, ẹ kú iṣẹ́ ma! Ta ló lè bá yín du ibẹ̀?”

Mo ń borí ṣáá. Nílùú yẹn, gbogbo ọ̀wọ̀ tí mò ń rí, ọjọ́ orí ló fún mi. Èyí nìkan ni mo rò pé mo fi ọwọ́ ara mi ṣiṣẹ́ fún.

Nígbà tí àwọn àgbà òyìnbó kan ní Dobcross, abúlé orí òkè kan, pè wá wá figagbága, èmi ni wọ́n ní kí n ṣíwájú. Ọmọ Ìjẹ̀bú ló wa ọkọ̀ gbé wa gòkè lọ. Ìyá òyìnbó kan tó dàgbà jù mí lọ ni wọ́n fi kò mí lójú. Mo ju àkọ́kọ́, ó jókòó síbi tí mo fẹ́ gan-an. Ìyá náà ju tirẹ̀ sókè, ó já lu tèmi gbàà! Tèmi yí wọ inú koríko lọ.

“Sorry, love,” ló wí, kò sì dẹ́kun gbígbá tèmi dànù. Mi ò mọ ohun tí èèyàn ń ṣe bí wọ́n bá gbá bọ́ọ̀lù rẹ̀, nítorí àwọn ọmọ tiwa ò gbá tèmi rí. Mẹ́tàlá sí òdo ló fi nà mí.

Nínú ọkọ̀, mo bi ọmọ Ìjẹ̀bú léèrè: “Kí ló dé tí o ò gbá bọ́ọ̀lù mi rí?”

Ó tẹjú mọ́ ọ̀nà. “Ah, Mummy! Báwo ni mo ṣe fẹ́ gbá bọ́ọ̀lù yín? Ẹgbẹ́ màmá mi ni yín.”

“Ṣé bọ́ọ̀lù yẹn ni màmá ẹ?”

Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín, èmi kò rẹ́rìn-ín. Mo ní, “Láti Sátidé tó ń bọ̀, ẹ máa gbá a.”

“Yes ma.”

Nígbà tí Sátidé dé, bọ́ọ̀lù mi jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ onígi. Ọmọ Ìjẹ̀bú wọ òbìrìkìtì, ó fojú wọ̀n ọ́n, ó jù ú. Tirẹ̀ gba apá ọ̀tún kọjá lọ réré. “Ah! Mo mà tàsé o!” Ó káwọ́ lérí. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ jù, òun náà tàsé, ní apá ọ̀tún kan náà.

Olùkọ́ kì í ṣàìmọ akẹ́kọ̀ọ́ tó mọ ìdáhùn àmọ́ tó mọ̀ọ́mọ̀ kọ èyí tí kò tọ̀nà.

“Mummy, ẹ tún ti borí ma!” Wọ́n dọ̀bálẹ̀ gbalaja lórí òkúta wẹ́wẹ́ náà. Mo ní kí wọ́n dìde, kí aṣọ wọn má bàa dọ̀tí. Mo nu bọ́ọ̀lù mi mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, mo dá wọn padà sínú àpò, mo sì lọ wọ tram, ọkọ̀ ojú irin inú ìlú, lọ sílé. Wọ́n rò pé ó rẹ̀ mí ni.

Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, ọmọ mi ń wá ẹni tí yóò dúró ti àwọn ọmọ. Mo sọ fún un pé mo wà nílé.