Ẹja Tí Fádà Gaston Jẹ

Kò sí apẹja tí ò gbọ́ nípa ẹja náà ní Akpakpa, àdúgbò tó wà létí ọ̀sà. Ọdún méje gbáko ni Fádà Gaston, òyìnbó tó ń wàásù fún wọn níbẹ̀, fi wá a nínú ọ̀sà: ẹja kékeré onírùngbọ̀n kan tí kò sí nínú ìwé kankan. Bó bá rí i, àwọn ọ̀mọ̀wé Paris yóò tẹ ìròyìn rẹ̀ jáde. Lẹ́yìn ìgbàlà ọkàn, ohun tó ń tọrọ láyé nìyẹn.

Lọ́jọ́ Ẹtì tó tẹ̀lé ọjọ́ tí ilẹ̀ wọn gba òmìnira lọ́wọ́ òyìnbó, Paulin apẹja gbé ẹja náà wá sí ilé ìdáná. "Ti Fádà ni o!" ló wí, ó sì bá tiẹ̀ lọ. Émilienne ló ń se oúnjẹ Fádà. Ọjọ́ Ẹtì tí wọn kì í jẹ ẹran, ẹja, ti Fádà: kí ló tún kù láti rò? Ó dín in.

Fádà fi jẹ àkàsà, ó sì fa orí rẹ̀ mu. "Émilienne, ọwọ́ ẹ dùn lónìí."

Paulin bá yọjú. "Fádà, ṣé onírùngbọ̀n yẹn náà nìyẹn?"

"Onírùngbọ̀n wo?"

Paulin wo abọ́. Émilienne náà wo abọ́. Fádà fò dìde. "Ẹ má fọ abọ́ yẹn o!"

Kíá ni Émilienne di ẹrù rẹ̀, omi ń bọ́ lójú rẹ̀. Ẹnu ọ̀nà ni Fádà ti gba ẹrù náà lórí rẹ̀. "Níbo lò ń lọ? Wá bá mi ka egungun." Wọ́n kà á títí ọwọ́ ìrọ̀lẹ́. Gbogbo rẹ̀ pé, àfi ẹyọ kan tó há Fádà lọ́fun. Nígbà tó wúkọ́ tí ìyẹn jáde, inú rẹ̀ dùn ju ti ọjọ́ òmìnira lọ.

Ó kọ̀wé sí Paris, ṣùgbọ́n wọn ò tẹ̀ ẹ́. Kò sọ ìdí fún ẹnikẹ́ni. Lẹ́yìn ọdún méjì, ibà gbé e lọ.

Anselme akọ̀wé ìjọ ló rí ẹ̀dà ìwé náà, pẹ̀lú àwọn lẹ́tà tí Fádà àti Paris kọ síra wọn lẹ́yìn rẹ̀, nígbà tó ń palẹ̀ ẹrù olóògbé mọ́. Ó ka ìwé náà fún Émilienne: "Gígùn, ó tó àtẹ́lẹwọ́. Àwọ̀, n kò mọ̀, wọ́n ti dín in. Adùn, ó pọ̀ gan-an. Ẹni tó dín in: Ìyáàfin Émilienne, ará Pobè."

Émilienne rẹ́rìn-ín títí ó fi di ògiri mú. "Fádà yìí náà! Kí ló wá dé tí wọn ò tẹ̀ ẹ́?"

"Ìyá, wọ́n ní kó pa ìlà tó ní orúkọ yín rẹ́, àwọn á tẹ ìyókù. Ó fèsì pé ìlà yẹn ló dá òun lójú jù lọ."

Ẹ̀rín kúrò lẹ́nu Émilienne. "Lẹ́yìn ọdún méje?" Ó ní kí Anselme fìka han òun ibi tí orúkọ òun wà, ó sì wò ó títí. "Ta ló mọ̀ mí ní Paris? Ká ní ó bi mí ni, ǹ bá ní kó pa á rẹ́." Ó bú sẹ́kún.