Ìró Ọmọ Ọlọ Lórí Àpáta

Ata kò sí lórí ọlọ. Ohun tí mo kọ́kọ́ rí nìyẹn lọ́jọ́ tí ara fu mí. Ìyá bàbá mi jókòó sí ẹ̀yìnkùlé, ó gbé ọmọ ọlọ sókè, ó fi lu àpáta ilẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì: gbì, gbì. Ìró náà kò ròkè bíi ti irin. Ó rinlẹ̀ ni, ó gba àtẹ́lẹsẹ̀ mi wọlé títí dé orúnkún. Ìyá àgbà gbé ọmọ ọlọ sílẹ̀, ó nu ọwọ́ sára aṣọ rẹ̀, ó ní, "Kí lò ń wò? Lọ ṣa igi wá."

Ìlú orí òkè ni Ẹ̀fọ̀n. Ilé tiwa wà lókè, ilé ìyá arúgbó kan tí gbogbo wa ń pè ní Ìyá Ìsàlẹ̀ wà nísàlẹ̀ wa gan-an, àpáta kan ṣoṣo ló sì na ara rẹ̀ láti ẹ̀yìnkùlé wa lọ sábẹ́ ilé tirẹ̀. Ìpínlẹ̀ Oǹdó la ṣì wà nígbà náà. Wọ́n gbé bàbá mi tó jẹ́ tíṣà lọ sí ilé-ìwé kan lọ́nà jíjìn, ló bá fi mí sọ́dọ̀ ìyá rẹ̀. Ọmọbìnrin ọdún mẹ́wàá ni mí, mo mọ̀wé, mo sì gbà pé kò sí ohun tó yẹ kí ẹnikẹ́ni fi pamọ́ fún mi.

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọ́ òun àti Ìyá Ìsàlẹ̀. Bí ìyá àgbà bá jókòó tó ń bó ẹ̀gúsí, ọ̀nà ni ojú rẹ̀ máa ń wà. Ẹlẹ́ja á yọ: gbì, gbì. Kí ẹlẹ́ja tó dé ọ̀hún, Ìyá Ìsàlẹ̀ á ti gbé abọ́ jáde. Bó bá jẹ́ àwọn ìyá ìjọ ló ń bọ̀, ẹ̀ẹ̀mẹta ni. Bó bá jẹ́ àlejò tí kò mọ̀, á wọ́ ọmọ ọlọ lórí àpáta gbọrọrọ, bí ẹni ń fa ẹrù. Ẹ̀ẹ̀kan péré, èyí tó wúwo, ni ti ọmọ Ìyá Ìsàlẹ̀, ọ̀gá kan ní sẹkitéríàtì Àkúrẹ́, tó máa ń wá lẹ́ẹ̀kan lóṣù. Ìyẹn ló máa ń lé màmá náà dìde wéré, tí á tún gèlè rẹ̀ wé, tí á lọ kọjú sí ọ̀nà. Gbogbo ìgbà tí ọmọ náà bá wá ló ń sọ pé, "Màámi, ọjọ́ tí ara yín kò bá dá ṣáṣá mọ́, Àkúrẹ́ ni." Màmá náà á ní inú ilé tí ọkọ òun kọ́ fún òun ni òun yóò kú sí.

Kí ni àwọn ìyá méjèèjì wá ń fi pamọ́ fún ọkùnrin náà? Mo bi ọ̀rẹ́ mi kan tí a jọ ń pọnmi.

"Àjẹ́ ni wọ́n," ó ní, kò tilẹ̀ ronú.

"Ìyá àgbà mi? Tó ń kọrin nínú kọ́áyà?"

"Ṣé àjẹ́ kì í kọrin ni?"

N kò rẹ́rìn-ín. Láti ọjọ́ náà, bí Ìyá Ìsàlẹ̀ bá tẹjú mọ́ ẹnu mi nígbà tí mo ń kí i, ó máa ń dà bíi pé eyín mi ló ń kà. Kì í wọ bàtà nínú ilé, àní lásìkò ọyẹ́. Mo bi ìyá àgbà léèrè, "Màmá, kí ló dé tí ẹ máa ń lu àpáta?" Ó ní eku lòun ń lé. Eku wo ló máa ń bá ẹlẹ́ja rìn?

Lọ́sàn-án ọjọ́ Sátidé kan, lẹ́yìn iyán, oorun gbé ìyá àgbà lọ lórí ẹní. Mo wo ọ̀nà, mo rí mọ́tò ọmọ Ìyá Ìsàlẹ̀ tó ń gun òkè bọ̀. Ó yẹ kí n jí ìyá àgbà. Ọmọ ọlọ ni mo gbé. Mo fẹ́ kí ọkùnrin náà bá ìyá rẹ̀ lójijì, kí èmi náà lè rí ohun tí wọ́n ń kó pamọ́. Mo lu àpáta lẹ́ẹ̀mejì, ti ẹlẹ́ja, mo sì sáré gba ẹ̀gbẹ́ ilé sọ̀ kalẹ̀.

Ìyá Ìsàlẹ̀ kẹ́yìn sí ọ̀nà, ó ń ṣan abọ́. Ọmọ rẹ̀ wọlé dé ẹ̀yìn rẹ̀.

"Màámi! Ẹ kú ilé o."

"Dúró síbẹ̀, ẹlẹ́ja," màmá náà ní, kò wẹ̀yìn. "Èyí tó o gbé wá lọ́jọ́sí, orí àti ìrù ni. Ikùn rẹ̀ ńkọ́? Àbí ìwọ lo jẹ ẹ́?"

"Màámi, èmi ni."

"Má wulẹ̀ bẹ̀ mí. N kò ra ìrù mọ́."

Ẹ̀rín ti fẹ́ pa mí. Ọkùnrin náà sún mọ́ ọn, ó pàtẹ́wọ́ lẹ́bàá etí rẹ̀, pá! Ìyá Ìsàlẹ̀ ṣì ń ná ẹja lọ. Ìgbà náà ló tó yé mi. Kò sí ohun kankan nínú ilé yẹn tí wọ́n ń fi pamọ́. Etí rẹ̀ ni. Àtẹ́lẹsẹ̀ ló fi ń gbọ́ ohun tí ìyá àgbà ń sọ fún un.

Ìyá Ìsàlẹ̀ yíjú, ó rí ọmọ rẹ̀, abọ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

"Láti ìgbà wo, Màámi?"

Ó tẹjú mọ́ ẹnu ọmọ rẹ̀. "Ta ló ní n kò gbọ́? Mò ń bá ọ ṣeré ni."

Ọ̀sẹ̀ kejì ni wọ́n mú un lọ. Ó di òpó ilé mú, ó ń pariwo pé, "Ulé mi rèé! Kí ni mo fẹ́ lọ ṣe ní Àkúrẹ́?" Ọmọ rẹ̀ ń sunkún, ó sì ń tú ìka rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Kì í ṣe èèyàn burúkú. Ẹ̀rù ló ń bà á pé mọ́tò lè gbá a lójú ọ̀nà, kí ó má gbọ́ fèrè rẹ̀.

Bí wọ́n ti lọ tán, ìyá àgbà pè mí, ohùn rẹ̀ rọ̀.

"Ọmọ mi, ṣé o lu àpáta lọ́jọ́sí?"

"Rárá, Màmá."

"Ó dáa."

Èmi náà ti di ìyá báyìí. Bí mo bá rí èèyàn méjì tí wọ́n ní èdè tí n kò gbọ́ láàárín ara wọn, ọwọ́ ṣì máa ń yún mi láti tú u wò, ṣùgbọ́n mo ti kọ́ bí a ṣe ń fi wọ́n sílẹ̀. "Rárá" yẹn ni n kò rí gbé sílẹ̀. Ìyá àgbà tún lo ọdún méje láyé. A jọ jẹun, a jọ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, n kò sì sọ òótọ́ fún un lọ́jọ́ kan. Mo gbà pé ó mọ̀. Ìdí tí kò fi bi mí lẹ́ẹ̀kejì ni n kò tíì mọ̀.