Alhaja Tí A Kò Pè Padà

Bí ẹ bá fẹ́ dá obìnrin tó mọ ọjà á ná mọ̀, ẹ má wo ẹnu rẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ ni kí ẹ wò. Alhaja kan wà tó máa ń wá ra léèsì ní ọjà Deira, nílẹ̀ Lárúbáwá níbí, tó ń kó o lọ tà l'Ékòó. Tó bá dá iye tó fẹ́ san, tí ọlọ́jà ní kò gbà, á gbé báàgì rẹ̀ kọ́ èjìká, á sì bẹ̀rẹ̀ sí í lọ. Ìrìn yẹn gan-an ni mo fẹ́ kí ẹ rí. Ìgbín á kọjá lára rẹ̀, á tún kí i pé ẹ kú ìrìn. Ó ń lọ, ṣùgbọ́n ẹ̀yìn ni etí rẹ̀ wà, ó ń dúró kí wọ́n sọ pé, "Alhaja, ẹ padà wá, ẹ fi nǹkan lé e."

Ọ̀gá mi náà mọ ìrìn yẹn dáadáa. Ọmọ Íńdíà ni, ará ìlú Surat. Bhai la máa ń pè é, bí wọ́n ṣe ń pe ẹ̀gbọ́n ọkùnrin lọ́dọ̀ wọn. Ó ti pẹ́ tó ti ń tajà fún àwọn ará Èkó débi pé ó ti kọ́ gbólóhùn yẹn sórí: "Alaja, padà wá, fi nǹkan lé." Mo gbìyànjú títí kó lè máa fi "ẹ" síwájú ọ̀rọ̀ fún àgbà. Ó ní khalas, ó ti tó, èyí tí òun mọ̀ yẹn ti ń ta léèsì.

Iṣẹ́ tèmi ni láti mú oníbàárà wá, kí n bá wọn di ẹrù, kí n sì bá wọn gbé e dé ọ̀dọ̀ àwọn oníkágò. Orí ìwé ṣọ́ọ̀bù yẹn ni físà mi wà. Bí ṣọ́ọ̀bù bá kú, físà mi kú nìyẹn, àwọn ọmọ mi tó ń lọ iléèwé n'Íbàdàn á sì gbọ́ nípa rẹ̀ kí oṣù tó parí. Mo sọ èyí kí ẹ lè mọ ìdí tí mo fi máa ń wo ẹsẹ̀ Alhaja bí ẹni ń wo pẹnáritì.

Ó ṣe díẹ̀, àwọn oníbàárà wa bẹ̀rẹ̀ sí í dín kù. Kì í ṣe pé àwọn ará Èkó kò wọ léèsì mọ́ o. Surat ló dàgbà. Bhai fúnra rẹ̀ ló ń fi fọ́tò hàn mí. Ilé iṣẹ́ tí a ti ń ra ọjà, abẹ́ páànù ni wọ́n ti ń ṣiṣẹ́ nígbà tó kúrò nílé. Ó ti di ilé gogoro báyìí, ẹ̀rọ tò lọ rẹrẹ nínú rẹ̀, títì tuntun gba iwájú rẹ̀ kọjá. Inú Bhai á máa dùn: "Wo ìlú mi."

Mo ní, "Bhai, ìlú yín ń dàgbà, ṣùgbọ́n abọ́ tiwa ló ti ń jẹun."

Ó rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín, tèmi ni kò dénú. Ilé iṣẹ́ yẹn ti gba àwọn ọmọbìnrin tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, tí wọ́n ń bá àwọn ará Èkó sọ̀rọ̀ lórí fóònù, ojú kojú. Èèyàn á jókòó sílé rẹ̀ ní Muṣin, á yan léèsì tó wù ú, ọkọ̀ á gbé e wá bá a. Kí ló tún wá fẹ́ wá ṣe ní Deira?

Àárọ̀ ọjọ́ tí Alhaja dé kẹ́yìn, Bhai pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó ní bí Alhaja bá gbé ọjà ọdún yìí, òun á tún ìwé àṣẹ ṣọ́ọ̀bù gbà. Bí kò bá gbé e, òun ń lọ sílé. Alhaja nìkan ló kù nínú àwọn tó ń rà á lọ́pọ̀.

Alhaja wọlé, wọ́n fún un ní tíì, ó kọjú sí mi.

"Àbúrò mi, o ti sanra. Ta ló ń se oúnjẹ fún ẹ ní Sharjah?"

"Alhaja, bedspace ni mo wà ní Rolla, bẹ́ẹ̀dì kan péré ni mo háyà nínú yàrá èrò. Èémí ara wa la ń jẹ níbẹ̀."

"Èémí ọ̀hún lọ́ràá o."

Ó fọwọ́ pa léèsì kan, ó yọ fóònù, ó fi han Bhai. Léèsì kan náà ni, òdòdó kan náà, àwọ̀ kan náà, pẹ̀lú iye tí wọ́n ń tà á. Bhai wò ó pẹ́. Ó ní òun kò lè tà á bẹ́ẹ̀. Alhaja ní, "Èmi ò bá ẹ jà. Ohun tí mo rí ni mo fi hàn ẹ́." Ó dìde, ó gbé báàgì kọ́ èjìká, ó bẹ̀rẹ̀ ìrìn rẹ̀.

Mo wo Bhai. "Ẹ pè é."

Ó ń tún léèsì tí Alhaja fọwọ́ pa tẹ́.

"Bhai, ó ti dé ẹnu ọ̀nà."

"Mo rí i."

"Gbólóhùn tẹ́ ẹ mọ̀ yẹn ńkọ́?"

"Tí mo bá pè é, kí ni màá wá sọ? Iye tó fi hàn mí yẹn kéré sí iye tí wọ́n ń tà á fún èmi."

Mo sáré jáde. Alhaja ti dúró níwájú ibi tí wọ́n ti ń ta àpótí ìrìn-àjò, ó ń tẹ àpótí kan tí kò ní í rà. Kò wẹ̀yìn.

"Ó ní kí n máa bọ̀?"

Irọ́ ti dé orí ahọ́n mi. Ṣùgbọ́n bó bá padà, tí Bhai sì ń wò ó láìní ọ̀rọ̀ lẹ́nu, èmi ni mo dójú tì í.

"Rárá, Alhaja. Kò pè yín."

"Kò pè mí?"

"Kò pè yín."

"Ọkùnrin tí mo ti ń rajà lọ́wọ́ ẹ̀ látìgbà tí mo ń pọn àbíkẹ́yìn mi."

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ kàn padà. Ẹ ní ẹ gbàgbé nǹkan."

"Ṣé ọmọdé ni mo jọ lójú ẹ?"

Ó pe ilé iṣẹ́ Surat lórí fóònù, ó nà án sí mi kí n bá òun gbé e sókè, torí oòrùn ò jẹ́ kó rí ojú rẹ̀. Ọmọbìnrin Surat yọ, ó ń rẹ́rìn-ín: "Ẹ káàárọ̀, Mummy." Ọ̀sán ti pọ́n nígbà náà. Alhaja ná an, ọmọbìnrin náà ní kò gbà. Alhaja tún un ná, ọmọ náà tún rẹ́rìn-ín, kò gbà.

"Ó dáa, mo ti ń lọ," ni Alhaja wí. Ó ṣẹ́jú sí mi. "Pa á."

Mo pa á.

"Á pè padà."

A dúró sínú oòrùn. Alhaja ń wo fóònù, ó ń fi ẹ̀gbẹ́ ojú wo ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù Bhai. Ẹnikẹ́ni kò pè é nínú àwọn méjèèjì. Nígbà tó yá, fóònù dún, a jọ bẹ̀rẹ̀ mọ́ ọn. Àwòrán òdòdó ni ọmọbìnrin yẹn fi ránṣẹ́.

"Òdòdó," ni Alhaja wí. "Kí ni mo fẹ́ fi òdòdó ṣe?"

Ó tún wo fóònù náà. Bó bá padà sí Èkó lọ́wọ́ òfo, àwọn oníbàárà tirẹ̀ náà ní fóònù.

"Bá mi pè é."

"Ta ni, Alhaja? Bhai ni?"

Ó wo ilẹ̀kùn yẹn lẹ́ẹ̀kan sí i. "Ọmọbìnrin yẹn."

Èmi ni mo tẹ̀ ẹ́. Èmi náà ni mo wá ibòji tí àwọ̀ léèsì á ti hàn kedere, mo gbé fóònù dúró títí Alhaja fi yan gbogbo ọjà rẹ̀ tán. Wọn kò dín in kù rárá.

"Kò tiẹ̀ sí ènì," ló sọ fún mi, ó sì lọ wọ metro.

Nígbà tí mo padà, Bhai ń ká léèsì.

"Surat?" ló bi mí.

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó bi mí pé ilé iṣẹ́ wo ni, mo sọ fún un. Ó mi orí.

"Ọjà wọn dáa," ló wí.

Lẹ́yìn náà ló ní kí n mú káàdì Emirates ID mi wá lọ́jọ́ Ajé, kí àwọn lè fagi lé físà náà. Mo ní shukran. Mi ò mọ ohun tí mo ń dúpẹ́ lé lórí.

Nínú bọ́ọ̀sì tó ń lọ sí Sharjah, ìyàwó mi pè. Ó ní télọ̀ ti dé, ṣé kó wọn àwọn ọmọ fún yunifọ́ọ̀mù tuntun? Mo ní kó dúró ná.

"Kí ló fẹ́ dúró dè?"

Mo ní nẹ́tíwọ́ọ̀kì ò dáa.

"Èmi ń gbọ́ ẹ ketekete," ló dá mi lóhùn.