Gbólóhùn Kejì Bàbá Onísítọ̀

Atọpinpin ni àwọn akẹgbẹ́ rẹ̀ ń pè é, orúkọ náà sì ń dùn mọ́ ọn nínú. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa ya fíìmù nípa bí ìjọba ṣe ń náwó ìlú: títì tí wọ́n ní àwọn ti ṣe tí ẹnikẹ́ni ò rí, ilé ìwé tó jẹ́ pé inú ìwé nìkan ló wà. Tó bá ti gbé kámẹ́rà wọ ọ́fíìsì kan, ara àwọn ọ̀gá ibẹ̀ a bù máṣọ. Ká má parọ́ mọ́ ọn, kì í gba rìbá. Àmọ́ ó fẹ́ràn kí wọ́n máa pàtẹ́wọ́ fún òun jù, ibẹ̀ ló sì ti kó sí wàhálà.

Ó ń wádìí ogójì bẹ́ẹ̀dì ọsibítù tí ìjọba ti sanwó wọn, tí aláìsàn kankan ò sùn lé rí. Ó rí bàbá tó ń tọ́jú sítọ̀ ọsibítù náà kó tó fẹ̀yìn tì. Bàbá gbà á tọwọ́ tẹsẹ̀. Ó wọ ẹ̀wù tó dáa, ó jókòó síwájú kámẹ́rà nínú pálọ̀ rẹ̀, ó ní, "Èmi ni mo fọwọ́ síwèé pé àwọn bẹ́ẹ̀dì náà ti dé. Mo kọ̀ tẹ́lẹ̀, ni àwọn ọ̀gá mi bá dá owó oṣù mi dúró fóṣù mẹ́ta, ìyá àwọn ọmọ mi sì wà lórí ìdùbúlẹ̀ àìsàn nígbà náà."

Nígbà tí Atọpinpin ń to fíìmù pọ̀, ó rí i pé gbólóhùn kejì máa jẹ́ kí àánú bàbá ṣe èèyàn, bẹ́ẹ̀ ẹni tí wọ́n máa bínú sí ni fíìmù náà ń wá. Ó gé e. Ó sọ fún ara rẹ̀ pé fíìmù ti gùn jù. Irọ́ ni, ó sì mọ̀ pé irọ́ ni.

Lọ́jọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ fi fíìmù náà han aráàlú, bàbá mú ọmọ rẹ̀ obìnrin dání, wọ́n jókòó sí ìlà iwájú. Kò tíì sọ ọ̀rọ̀ náà fún un rí, ó fẹ́ kó gbọ́ ọ látòkè délẹ̀ níbẹ̀. Ojú bàbá yọ nínú fíìmù, ó sọ gbólóhùn kan ṣoṣo, gbogbo gbọ̀ngàn pòṣé. Ẹnì kan lẹ́yìn ní, "Olè àgbàlagbà." Ọmọ bàbá dìde, ó jáde. Atọpinpin dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, ó ń wò ó. Ojú gbà á tì débi pé ì bá wù ú kí ilẹ̀ lanu kó gbé òun mì.

Nígbà tí iná tàn, wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún un, wọ́n ń bọ̀ ọ́ lọ́wọ́. Bàbá rọra wá bá a. Kò bínú.

"Ọmọ mi, ó jọ pé ẹ̀rọ yín ò gbọ́ ìyókù ọ̀rọ̀ mi. Àbí mi ò sọ ọ́ sókè tó ni?"

Àwáwí ti wà nílẹ̀ fún Atọpinpin, kò ju kó ní bẹ́ẹ̀ ni lọ. Ìtìjú náà pọ̀ ju ohun tó lè gbé relé lọ.

"Ó gbọ́ ọ, bàbá. Èmi ni mo yọ ọ́ kúrò. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú."

Bàbá nawọ́ sí ẹnu ọ̀nà. Ó wá ní, "Ọmọ mi wà níta. Lọ sọ ọ́ fún un. Tí èmi bá sọ ọ́ báyìí, ó máa rò pé mò ń wá àwáwí ni."