Páànù Yàrá Bàbá Mi

Ẹni tó bá sọ lójú mi pé obìnrin ò lẹ́nu nínú ilé bàbá rẹ̀, èmi àti onítọ̀hún la ó jọ fà á. Lọ́dún 1956, lẹ́yìn ikú bàbá àgbà ní Ìwó, bàbá mi, Bùsàrí, ní kí àwọn pín ilé. Àbúrò wọn obìnrin, Màmá Ràhámọ̀tù, kọ̀, wọ́n gbé ọ̀rọ̀ lọ sí kóòtù. Bàbá mi ò dúró. Wọ́n gun òrùlé, wọ́n tú páànù orí yàrá wa, wọ́n ní ìpín àwọn nìyẹn.

Akódà kóòtù dé pẹ̀lú ìwé àṣẹ: kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kan ilé náà títí ẹjọ́ yóò fi parí. Bàbá mi fi ìbínú sọ̀ kalẹ̀. Wọ́n ní àwọn ò ní fọwọ́ kàn án lóòótọ́, ìbáà ṣe láti kan páànù padà.

Òjò dé. Màmá Ràhámọ̀tù kúnlẹ̀. "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ kó àwọn ọmọ wá sí yàrá mi."

Oṣù mẹ́rin ni gbogbo wa fi sùn níbẹ̀. Títí dòní, bí òjò bá ti ṣú, mo máa ń bẹ Ọlọ́run kó tẹ́ Màmá Ràhámọ̀tù sáfẹ́fẹ́ rere.

Nígbà tí adájọ́ wá bi bàbá mi pé ibo ni ìpín wọn, wọ́n dáhùn pé:

"Olúwa mi, mi ò mọ ibi tí tèmi parí sí mọ́."