Ibi Tí Irin Ìyá Mi Ti Là

Ìkòkò irin tí wẹ́dà búra pé kò ní bàjẹ́ láéláé là lọ́sàn-án gangan, omi gbígbóná sì bó ìyá mi lápá dé èjìká.

Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn tó kọjá ni, ní abúlé wa lọ́nà Ẹgbẹ́dá, níbi tí ìyá mi ti ń se ẹyìn fún gbogbo àdúgbò. Sitéńlẹ́ẹ̀sì, irin tí kì í dípẹtà, ni ìkòkò náà. Mo lọ bá wẹ́dà tó fi iná jó o pọ̀ ní Mọ́níyà. Ó rẹ́rìn-ín.

"Ọ̀gá oníròyìn, ẹ lọ bi ìyá yín. Wọ́n sùn lọ, omi gbẹ. Wallahi, iṣẹ́ ọwọ́ mi ò lẹ́bi."

Ojú àwọn oníbàárà rẹ̀ ló ti sọ ọ́. Ọ̀rọ̀ náà ṣáájú mi délé, kò sì sẹ́ni tó gbé ẹyìn wá fún ìyá mi mọ́. Mo pinnu pé ibi tó ti bà wọ́n jẹ́ náà ni màá ti dójú tì í.

Mo gbé irin náà lọ fún àbúrò mi obìnrin ní Ajíbọ́dé. Ní yunifásítì, ìmọ̀ bí irin ṣe ń bàjẹ́ nínú ẹ̀rọ tó ń fi agbára átọ́ọ̀mù pèsè iná ni ó ń kọ́. Ó gé díẹ̀ níbẹ̀, ó fi awò tó ń sọ nǹkan kékeré di ńlá wò ó.

"Bọ̀dá mi, omi ò gbẹ. Ẹ wo bó ṣe là bí ẹ̀ka igi, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí wọ́n jó."

Ó ní nínú ẹ̀rọ átọ́ọ̀mù, ohun tíntìntín tí ojú ò rí máa ń lu irin láìdáwọ́ dúró, títí irin á fi gan tí kò ní lè tẹ̀ mọ́. "Tiwa ò rí ìyẹn. Ṣùgbọ́n àwọn páìpù wọn náà máa ń là báyìí: omi gbígbóná, irin tí iná wẹ́dà ti pa lára, àti ohun tó ń jẹ ẹ́ nínú omi."

"Kí ló jẹ tiwa?"

"Iyọ̀ ni. Kí ni màámi fi ń fọ̀ ọ́?"

Omi iyọ̀ ni gbogbo abúlé wa fi ń rẹ ìkòkò epo mọ́jú, kí òórùn epo àtijọ́ má bàa mú tuntun. Èmi ni mo ń ra iyọ̀ fún ìyá mi.

"Ká ní wẹ́dà jó o dáadáa ńkọ́?"

"Kì bá tí tètè là."

Ìyẹn tó mi. Mo kọ ìròyìn, mo yọ ọ̀rọ̀ iyọ̀ kúrò nínú rẹ̀. Mo kà á sókè ní ṣọ́ọ̀bù wẹ́dà, lójú àwọn oníbàárà. Ẹ̀rín tán lẹ́nu rẹ̀.

"Ẹ ti bà mí jẹ́!"

"Ìyá mi lẹ kọ́kọ́ bà jẹ́."

Inú mi dùn dé Ẹgbẹ́dá.

Wẹ́dà fẹjọ́ mi sun ìjọba ìbílẹ̀. Òṣìṣẹ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ náà ní kí ṣọ́ọ̀bù wẹ́dà wà ní títì di Ọjọ́bọ̀. Lọ́jọ́ náà, àbúrò mi á gbé irin wá, ìyá mi náà á wá, wọn á sì bi àwọn méjèèjì ní gbogbo ohun tó ti kan irin náà, títí kan ohun tí ìyá mi fi ń fọ̀ ọ́.